Baba Ẹyin Inú Kòtò Kọkànlá

Kòtò kọkànlá ni Dúróoríkẹ́ wà, ó dojú bolẹ̀ lórí àpáta, ó ti orí bọ inú ike onígíláàsì rẹ̀, nígbà tí Alákàn kéde pé ó ku wákàtí kan àti ogójì ìṣẹ́jú kí omi òkun tó padà.

"Mo gbọ́," ni ó fèsì láti inú ike náà. Ohùn rẹ̀ dún bí ohùn ẹni tó ń sọ̀rọ̀ nínú ìkòkò.

"Màmá, kò sí nǹkan kan níbẹ̀," ni Orímisàn wí. Ó jókòó lórí òkúta gbígbẹ, ó ń da omi kúrò nínú bàtà rọ́bà rẹ̀. "Alákàn ti wo kòtò yẹn lẹ́ẹ̀mejì. Ó ní òkúta ni, ewé òkun ni, ìgbín ni."

"Alákàn yín yìí, bí èèyàn mẹ́ta bá dúró níwájú rẹ̀ tí wọn ò mira, á ní òpó ni wọ́n."

"Òpó tó ń sọ̀rọ̀ ńkọ́?"

"Ìyẹn á ní rédíò ni."

Orímisàn rẹ́rìn-ín díẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ̀rín náà kò pẹ́ lójú rẹ̀. Ọjọ́ kẹwàá nìyí tí wọ́n ti ń ka ẹja, ọjọ́ kẹwàá ló sì kẹ́yìn. Ilé-iṣẹ́ Àpáta ló gbà á síṣẹ́, òun ni wọ́n sì ń rán wá lọ́dọọdún láti máa tẹ̀lé Alákàn káàkiri àpáta yìí, nítorí pé ibẹ̀ ni wọ́n bí i sí. Dúróoríkẹ́ ló gbé e pọ̀n nígbà tí ìyá rẹ̀ ṣẹ́ lẹ́sẹ̀.

Alákàn dúró láàárín àwọn méjèèjì. Ẹ̀rọ ni, ó tóbi tó ewúrẹ́, ẹsẹ̀ irin mẹ́fà ló fi ń gun orí òkúta láìyọ̀, ojú kan ló ní, orí ọrùn gígùn ni ojú náà sì wà. Lábẹ́ àyà rẹ̀ ni apá tẹ́ẹ́rẹ́ kan wà tí abẹ́rẹ́ wà ní ẹnu rẹ̀. Bí a bá rí ẹja, abẹ́rẹ́ náà á fi hóró kan tó kéré ju yanrìn lọ sí abẹ́ awọ rẹ̀. Láìsí hóró náà, ẹja kò sí nínú ìwé. Àwọn aka-ẹja kan ní àpáta mìíràn ló fà á: láyé ìgbà tí wọ́n ń fi ẹnu lásán kà á, wọ́n ka ẹja kan ṣoṣo nígbà ọgbọ̀n.

Dúróoríkẹ́ na ọwọ́ sẹ́yìn láìgbé orí kúrò nínú ike. "Bá mi gbé ìdì yẹn."

Orímisàn gbé ìdì aṣọ kékeré kan fún un. Lúbúlúbú ìkarahun ló wà nínú rẹ̀. Dúróoríkẹ́ ti lọ̀ ọ́ lórí ọlọ, ó sì ti fi aṣọ sẹ́ ẹ títí tó fi dà bí àtíkè. Kò sẹ́ni tó kọ́ ọ ní èyí. Òun náà ló ṣe ike náà: ó gé ìdí garawa, ó fi gíláàsì fèrèsé dí i, ó yọ́ rọ́bà sí etí rẹ̀ kí omi má baà wọlé. Bí a bá gbé gíláàsì náà lé ojú omi, ìgbì wẹ́wẹ́ kò lè da ojú ẹni rú mọ́. A ó máa wo ìsàlẹ̀ kòtò bí ìgbà tí a ń wo ìsàlẹ̀ àwo.

Ẹni tó bá ń wá ajòkúta, ẹja tí wọ́n ń kà yìí, kò gbọdọ̀ wá ẹja. Ẹja tó gùn tó ìka àárín, tí kò ní ìpẹ́, tí orí rẹ̀ tóbi ju ara lọ, tó ń pupa níbi tí òkúta bá ti pupa, tó ń dúdú níbi tí ó bá ti dúdú, tí kì í lúwẹ̀ẹ́ bí kò bá nídìí: ojú wo ni yóò rí i? Èémí rẹ̀ ni èèyàn ń wá. Dúróoríkẹ́ fi ìka méjì mú lúbúlúbú náà, ó gbọ̀n ọ́n sójú omi lẹ́gbẹ̀ẹ́ ike, ó sì dúró.

Ó ń rọ̀ lọ sísàlẹ̀ bí eruku ọyẹ́. Ó bà lé ìgbín, ó bà lé ewé. Ṣùgbọ́n lábẹ́ etí òkúta kan ní apá òsì, kò bà. Ó sún síwájú díẹ̀, ó fà sẹ́yìn díẹ̀, ó tún sún síwájú.

Òkúta kan ń mí.

Ó tẹjú mọ́ ọn títí ó fi rí òrùka wúrà tíntín kan. Ojú rẹ̀ nìyẹn. Láti ibi ojú náà ni ó ti rí orí, láti orí ló ti rí lẹ̀bẹ̀ méjì tó fẹ̀ bí abẹ̀bẹ̀. Lẹ̀bẹ̀ náà ń fẹ́: ẹ̀ẹ̀mẹta, ó sinmi, ẹ̀ẹ̀mẹta, ó sinmi. Ohun tó ń fẹ́ wà lábẹ́ rẹ̀, ó lẹ̀ mọ́ ara àpáta bí ìdì ọkà bàbà, ó pọ́n rẹ́súrẹ́sú.

Dúróoríkẹ́ rọra bo ẹnu ìdì rẹ̀.

"Màmá," ni Orímisàn wí lẹ́yìn ìgbà díẹ̀, "ẹsẹ̀ yín ti dúró."

"Ẹsẹ̀ wo?"

"Bí ẹ bá ń wá ẹja, ẹsẹ̀ yín kì í gbélẹ̀. Láti kékeré ni mo ti ń wò yín. Kí lẹ rí?"

Orímisàn fi bàtà sílẹ̀, ó fi ẹsẹ̀ lásán rìn wá, ó dojú bolẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Obìnrin náà yí ike sí i. Ó wò títí. Kò rí nǹkan. Dúróoríkẹ́ fi ìka hàn án. Ó tún wò. Lẹ́yìn náà ni ó rí i, ó sì gbé orí sókè, omi ń kán ní irùngbọ̀n rẹ̀, ojú rẹ̀ sì dà bí ti ẹni tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ tú sílẹ̀ lẹ́wọ̀n.

"Ó wà. Màmá, ó wà. Bí ẹja kan bá wà, àpáta á wà." Ó yíjú sí òkè, níbi tí ilé wọn tò sí lórí àpáta. Wọ́n ti ri òpó pupa, àmì pé wọn yóò wó o, sí ẹnu ọ̀nà kọ̀ọ̀kan láti àárọ̀ àná. Ó tún yíjú sí òkun. Ọkọ̀ afọ́kùúta ti dúró síbẹ̀ fún ọjọ́ mẹ́ta, wọ́n fi tapólì bo eyín irin rẹ̀, ó ń retí kí wọ́n ní kò sí ẹja. Odi ńlá tí wọ́n ń mọ yí olú-ìlú ká kì í yó. Àpáta mẹ́rin ni ó ti jẹ ní etíkun yìí. "Ẹ jẹ́ kí n pe Alákàn."

"Dúró ná."

"Kí la dúró dè?"

"Ó ń ṣọ́ ọmọ."

"Mo rí i. Kí ló kan ìyẹn?"

Dúróoríkẹ́ jókòó. Ó fi etí ìró rẹ̀ nu ojú. "A kì í kà á."

"Ta ni kì í kà á?"

"Àwa. Èyí tó bá ti dúró ti ẹyin, a máa ń fò ó ni. Yèyé Olúgbódi tó fi iṣẹ́ lé mi lọ́wọ́ kò kà á rí, èmi náà ò kà á rí. A kì í ka ọmọ fún ọlọ́mọ. Bí o bá sì ka baba tó gbé ọmọ sábẹ́, o ti ka ọmọ náà."

Orímisàn kò fi í ṣe yẹ̀yẹ́. Kò sí ọmọ Ẹsẹ̀ Àpáta, ìlú wọn yìí, tí kò mọ ìtàn tábìlì oúnjẹ. Nígbà tí òkun gbé ìlú àwọn àgbà wọn mì ní etíkun Ìlàjẹ, tí ọkọ̀ kó wọn wá sí ilẹ̀ òtútù yìí, akọ̀wé kan jókòó sídìí tábìlì, ó ń bi ìyá kọ̀ọ̀kan pé ọmọ mélòó ló ní. Ohun tí gbogbo wọn fi dáhùn ni pé, "Wọ́n wà, a dúpẹ́." Akọ̀wé kọ òdo. Odidi ọ̀sẹ̀ méjì ni wọ́n fi oúnjẹ àgbà nìkan bọ́ àgbà àti ọmọdé, síbẹ̀ kò sí ìyá kan tó padà lọ sídìí tábìlì lọ ka tirẹ̀.

"Ọdún mélòó lẹ ti wà lẹ́nu iṣẹ́ yìí?" ni Orímisàn bèèrè.

"Mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n."

"Mélòó ni ẹ máa ń fò lọ́dún?"

"Mo ní a kì í kà wọ́n."

"Màmá."

Ó wo ọwọ́ ara rẹ̀. "Tẹ́lẹ̀tẹ́lẹ̀, kòtò kan kò ní ṣàìní méjì. Àwọn tó tóbi máa ń ní mẹ́rin. Kòtò méjìdínlógún ló wà."

"Ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ wá kà wọ́n fún mi yìí."

Orímisàn fa ẹ̀rọ pẹlẹbẹ rẹ̀ yọ lápò, ó fi àtàńpàkò wá nǹkan kan lójú rẹ̀ títí ó fi rí i. Ó fẹ́ gbé e fún un, ó tún fà á sẹ́yìn. Nígbẹ̀yìn ó kà á sókè, ohùn rẹ̀ tẹ́ pẹrẹsẹ bí ti Alákàn.

"Ọdún mẹ́rìndínlógún sẹ́yìn. Ilé-iṣẹ́ ń wá ibi tí páìpù omi gbígbóná láti ilé ẹ̀rọ olú-ìlú yóò máa tú sí. Ibi mẹ́ta ni wọ́n yẹ̀ wò. Èyí tí iye ẹja rẹ̀ bá kéré jù ni wọn yóò mú. Etí Ọ̀sà, ẹja márùnlélógójì. Orí Ìkẹja, ẹja mẹ́rìnlélọ́gbọ̀n. Ẹsẹ̀ Àpáta, ẹja mọ́kànlélógún."

Omi kán láti etí òkúta kan bọ́ sórí òmíràn. Ní apá ìlà-oòrùn, lẹ́yìn àwọn òkúta tó dà bí ẹ̀yìn erinmi, èéfín funfun ń rú díẹ̀díẹ̀ lójú òkun níbi tí ẹnu páìpù náà wà. Gbogbo àárọ̀ ni Dúróoríkẹ́ máa ń ti ọ̀pá ìwọ̀n ooru bọ inú kòtò kọ̀ọ̀kan, ó sì ń fi èédú kọ ọ́ sára ògiri ilé ìdáná rẹ̀. Ó mọ̀ bí ooru náà ti ń gun òkè lọ́dọọdún. Ó mọ kòtò tí ẹja ti kọ́kọ́ tán. Ó ti kọ ìwé mẹ́ta sí Ilé-iṣẹ́ pé páìpù náà ń pa àwọn ẹja. Kò rò ó rí pé ọwọ́ òun ni páìpù náà ti jáde.

"Lọ́dún yẹn," ni Orímisàn wí, "àwọn wo ni ẹ ò kà?"

Kò sọ iye wọn. Ojú rẹ̀ ń yí lọ láti kòtò dé kòtò, ètè rẹ̀ ń mira. Ó pẹ́ kí ó tó dúró.

"Wọ́n wà," ni ó wí. "Wọ́n pọ̀."

Orímisàn ti ẹ̀rọ náà bọ àpò. Kò bínú, ì bá sàn fún obìnrin náà bí ó bá bínú. "Ó ti kọjá. Èyí tó wà nílẹ̀ yìí ńkọ́? Ẹ jẹ́ kí Alákàn gún un, kí n fọwọ́ sí ìwé, kí ọkọ̀ yẹn máa lọ."

"Bí ó bá gún un, á lọ."

"Gbogbo wọn ló ń lọ bí a bá gún wọn. Ẹ̀yin náà lẹ kọ́ mi pé wọ́n ń gbọ́ òórùn kòtò wọn, pé wọn á padà."

"Èyí tí kò ní ẹyin ló ń padà. Ọdún tí mo kọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀, mo ṣèèṣì jẹ́ kí wọ́n gún ọ̀kan tó dúró ti ẹyin, n kò rí ẹyin náà. Ó sá lọ. Mo ń lọ wò ó lójoojúmọ́. Ọjọ́ kejì, ẹyin ti funfun. Ọjọ́ kẹta, ó ti bu, ó hu irun." Ó tọ́ka sí kòtò. "Fífẹ́ tó ń fẹ́ yẹn kì í ṣe eré. Ẹyin náà ń mí. Omi tó bá dúró lórí rẹ̀ láìmira, èémí inú rẹ̀ á tán, ẹyin á kú. Òun ló ń pààrọ̀ omi fún wọn."

"Ọjọ́ mélòó ló kù kí ẹyin náà tó pa?"

"Ojú ti yọ nínú wọn. Mo rí i, dúdú, méjì méjì. Ọjọ́ mẹ́jọ, ó pẹ́ tán mẹ́sàn-án."

"Màá bi Ilé-iṣẹ́ bóyá wọ́n lè dúró." Ó ti ń tẹ ọ̀rọ̀ kí ó tó sọ ọ́ tán. Dúróoríkẹ́ rí i pé ó kọ *jọ̀wọ́* nígbà mẹ́ta. Ìdáhùn dé kí ó tó gbé ìka kúrò. Ó kà á, ó yí ojú ẹ̀rọ náà sí obìnrin náà kí ó lè rí i fúnra rẹ̀: kíkà ẹja parí pẹ̀lú omi òní.

"Bí a bá fọ́ ibi tí ẹyin náà lẹ̀ mọ́ ńkọ́?" ni ó tún wí. "Ká gbé e lọ sílé yín, sínú agbada. Ẹ ní ẹ̀rọ tó ń fẹ́ atẹ́gùn sómi."

"Àpáta gidi ló lẹ̀ mọ́, kì í ṣe òkúta tó dá dúró. Bí a bá fi òòlù kàn án, a ti fọ́ àpáta kí ọkọ̀ tó fọ́ ọ. Alákàn á kọ ọ́ sílẹ̀."

"Ẹ gbé ẹ̀rọ yẹn wá síbí."

"Mo ti rò ó. Wáyà rẹ̀ ò gùn dé ibí. Bó gùn, ìgbì á gbé e lọ. Bí ìgbì ò gbé e, ìgbín wà níbẹ̀ tó ń jẹ ẹyin. Baba yẹn ló ń lé wọn. Ẹ̀rọ mi ò lè lé ìgbín." Ó ti yí ọ̀rọ̀ náà po lórí bí ó ti máa ń yí nǹkan tó bàjẹ́ po lọ́wọ́, ó ń wá ibi tí èèyàn lè ti bẹ̀rẹ̀ sí í tún un ṣe. Kò rí i. "Bí n kò bá kà á, ọkọ̀ á fọ́ òun àti ẹyin àti ilé wa. Bí mo bá kà á, ilé á kù, ẹyin á kú. Kò sì sí abo kankan ní kòtò méjìdínlógún. Mo ti wá wọn. Ẹyin yìí ló kù."

"Ìyẹn ni pé lọ́dún tó ń bọ̀…"

"Lọ́dún tó ń bọ̀, wàá wá, èmi àti ìwọ á rìn kiri fún ọjọ́ mẹ́wàá, a ò ní rí nǹkan."

Alákàn ní ó ku ogójì ìṣẹ́jú.

Orímisàn sọ̀rọ̀ láìwojú Dúróoríkẹ́. "Ìyá mi wà nídìí òpó kẹta. Ẹ mọ bí ẹsẹ̀ rẹ̀ ti rí. Yàrá tí wọ́n ṣètò fún un ní Àgọ́ Òkè, àjà kọkàndínlógójì ló wà. Àwọn ará Àpáta Kejì tí wọ́n kó lọ síbẹ̀, ṣé ẹ rántí ohun tí wọ́n kọ wá?"

"Pé wọn kì í gbọ́ òkun."

"Ọdún kan péré ni mò ń bẹ̀bẹ̀ fún, Màmá. Mo mọ̀ pé ọdún kan ni."

Dúróoríkẹ́ tún ti orí bọ inú ike. Baba náà wà níbẹ̀, ó ń fẹ́: ẹ̀ẹ̀mẹta, ó sinmi. Lúbúlúbú ìkarahun díẹ̀ ti bà lé e lórí, kò gbọ̀n ọ́n dànù, nítorí pé òkúta kì í gbọn ara. Gbogbo ọgbọ́n tó ní nìyẹn: kí ó má ṣe jẹ́ nǹkan kan, kí ewu kọjá. Ọgbọ́n náà ti gba òun àti àwọn baba rẹ̀ lọ́wọ́ ẹyẹ, lọ́wọ́ ẹja ńlá, àti lọ́wọ́ ojú Alákàn. Dúróoríkẹ́ nìkan ni kò lè gbà á lọ́wọ́ rẹ̀.

"Pè é," ni ó wí.

Alákàn rìn wá, ẹsẹ̀ rẹ̀ ń dún ṣẹ́kẹ́ṣẹ́kẹ́. Ojú rẹ̀ yí, ó ní òun kò rí ẹja. Dúróoríkẹ́ ki ọwọ́ bọ omi, ó na ìka sí ibi tí òkúta ti ń mí, Alákàn sì tẹ̀lé ìka náà. Apá tẹ́ẹ́rẹ́ náà wọ omi. Baba ẹyin náà kò yẹ̀ títí abẹ́rẹ́ fi kàn án.

Ó fò. Ó gba àárín ìka Dúróoríkẹ́ kọjá, ó tutù, ó ń yọ̀; ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí ọ̀kan nínú wọn fara kàn án. Ó gba ojú ihò tóóró kan ní ìdí kòtò jáde, ó sì di òkúta níbòmíràn tí ẹnikẹ́ni kò mọ̀.

"Ọ̀kan," ni Alákàn wí.

Orímisàn fi àtàńpàkò tẹ ojú ẹ̀rọ rẹ̀. Kò pẹ́ tí fèrè ọkọ̀ afọ́kùúta dún lókun, ó gùn, ó kérora, imú ọkọ̀ náà sì bẹ̀rẹ̀ sí í yí kúrò díẹ̀díẹ̀. Lórí òkè, ẹnì kan bẹ̀rẹ̀ sí í lu ìkòkò. Ẹlòmíràn gbà á. Láìpẹ́ gbogbo Ẹsẹ̀ Àpáta ń lu ìkòkò, wọ́n ń hu òpó pupa, wọ́n ń pe orúkọ Dúróoríkẹ́.

"Ẹ jẹ́ ká lọ," ni Orímisàn wí. "Wọ́n ń pè yín."

"Lọ bá ìyá rẹ."

"Omi ń bọ̀."

"Mo mọ ìgbà tí omi ń bọ̀."

Orímisàn dúró díẹ̀, bàtà rẹ̀ wà lọ́wọ́. Ó wo kòtò. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í gun òkè lọ láìyára bí ẹni tí iṣẹ́ ayọ̀ tí wọ́n rán an wúwo lọ́wọ́.

Dúróoríkẹ́ ká apá aṣọ rẹ̀ sókè, ó ki ọwọ́ bọ omi dé ìgúnpá, ó sì la àtẹ́lẹwọ́ sórí ẹyin náà. Ó fẹ́ ẹ: ẹ̀ẹ̀mẹta, ó sinmi. Ó lè jù. Ó dín in kù títí ewé tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ fi ń mira bó ti ń mira tẹ́lẹ̀. Ìgbín kan ti kọjú sí ìdì náà. Ó fi ìka tì í sẹ́yìn. Òmíràn ń bọ̀ lẹ́yìn rẹ̀.

Alákàn kò tíì lọ. "Kíkà ti fẹ́ parí," ni ó wí. "Ṣé nǹkan mìíràn wà tí ẹ fẹ́ kí n kà?"

"Kò sí. Máa lọ."

Ó ká apá rẹ̀ mọ́ra, ó lọ.

Omi àkọ́kọ́ gba etí kòtò wọlé, ó lọ́ wọ́rọ́wọ́, òórùn páìpù wà lára rẹ̀. A kì í ka ọmọ fún ọlọ́mọ. Ṣùgbọ́n àwọn wọ̀nyí kò ní ọlọ́mọ mọ́. Dúróoríkẹ́ ń fẹ́, ó ti ojú bọ inú ike, ó sì bẹ̀rẹ̀ láti apá ọ̀tún, níbi tí ojú dúdú méjì ti kọ́kọ́ wò ó.

"Ọ̀kan," ni ó wí jẹ́jẹ́. "Èjì. Ẹ̀ta."

Nígbà tí omi dé igbá-àyà rẹ̀, ó ti ka mẹ́tàdínlọ́gọ́rin, ó sì kù.